Adé Love: Ọmọ Àgbámù Tó Gbé Tíátà Wọ Inú Sinimá

Bí a bá dárúkọ Kúnlé Afọláyan láàrin àwa akẹ́kọ̀ọ́ lónìí, kò sí ẹni tí yóò béèrè ẹni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Bí a bá ní Lọlá Ìdíje, ẹ̀rín ni yóò kọ́kọ́ sọ. Ṣùgbọ́n bí a bá dárúkọ Adéyẹmí Afọláyan, ẹni tí gbogbo èèyàn mọ̀ sí Adé Love nígbà ayé rẹ̀, ohun tí mo sábà máa ń gbọ́ ni pé ṣé bàbá Kúnlé ni. Bẹ́ẹ̀ ni, bàbá Kúnlé ni, ẹ̀gbọ́n Lọlá Ìdíje sì ni pẹ̀lú. Àmọ́ kò dára kó jẹ́ pé ọmọ àti àbúrò nìkan la ó máa fi júwe rẹ̀. Ọ̀nà tí sinimá Yorùbá ń tọ̀ lónìí, ọwọ́ ọmọ Kwárà kan wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ ń là á. Iṣẹ́ tí ọmọ Kwárà náà ṣe sì ti fẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wa. Ìdí nìyẹn tí mo fi kọ àpilẹ̀kọ yìí.

Láti Àgbámù dé ọ̀dọ̀ Bàbá Sàlá

Ọdún 1940 ni wọ́n bí Adéyẹmí Afọláyan. Ọmọ Àgbámù ni, ìlú Ìgbómìnà kan ní ìjọba ìbílẹ̀ Ìrẹ́pọ̀dùn, ní Ìpínlẹ̀ Kwárà òde òní. Nígbà tí wọ́n bí i, kò tíì sí ohun tó ń jẹ́ Ìpínlẹ̀ Kwárà. Ọdún 1967 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dá a sílẹ̀. Abẹ́ ìjọba Òkè Ọya ni gbogbo agbègbè wa wà, Kàdúná sì ni olú ìlú ìjọba náà. Yorùbá ni àwọn Ìgbómìnà ń sọ, oríkì Yorùbá ni wọ́n ń kì, ṣùgbọ́n ojú tí ìjọba fi ń wò wọ́n yàtọ̀ sí ojú tí wọ́n fi ń wo ará Ìbàdàn tàbí ará Òṣogbo.

Ọ̀rọ̀ yìí ṣe pàtàkì fún ìtàn wa. Nígbà tí tíátà ìgbàlódé bẹ̀rẹ̀ sí í gbilẹ̀ nílẹ̀ Yorùbá, ìwọ̀ oòrùn ni ó ti gbilẹ̀. Ọmọ Ọ̀sọsà ni Hubert Ògúndé. Òṣogbo ni Kọ́lá Ògúnmọ́lá àti Dúró Ládiípọ̀ fi ṣe ibùjókòó. Ìbàdàn ni ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n àkọ́kọ́ ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1959. Èyí kò sọ iṣẹ́ òṣèré di àjèjì láàrin àwọn Ìgbómìnà o. Ẹni tó bá ti rí egúngún Ẹ̀lẹ́wẹ̀ níbi tó ti ń jó yóò mọ̀ pé eré ṣíṣe ti pẹ́ ní agbègbè náà, inú egúngún apidán ni àwọn alárìnjò ayé àtijọ́ sì ti jáde wá. Ṣùgbọ́n ọmọ Àgbámù tó bá fẹ́ fi tíátà ìgbàlódé jẹun ní láti fi ilé sílẹ̀.

Ní 1966, Adéyẹmí Afọláyan wọ ẹgbẹ́ òṣèré Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, ọmọ Ìjẹ̀ṣà tí gbogbo wa mọ̀ sí Bàbá Sàlá. Ó ti lé lẹ́ni ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n nígbà náà, kì í ṣe ọmọdé tí wọ́n fà lé ọ̀gá lọ́wọ́. Ọdún tí ìjọba ológun kọ́kọ́ dé ni, lẹ́yìn rògbòdìyàn òṣèlú tó da ìwọ̀ oòrùn rú. Ogun abẹ́lé sì tẹ̀ lé e ní 1967. Nínú irú àkókò bẹ́ẹ̀ ni ẹgbẹ́ Aláwàdà ń pa àwọn èèyàn lẹ́rìn-ín lórí ìtàgé, lórí rédíò àti lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ó yẹ kí n ṣàlàyé bí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́, torí pé ibẹ̀ ni Adé Love ti kọ́ gbogbo ohun tó lò lẹ́yìn ọ̀la. Ẹgbẹ́ òṣèré kì í jókòó sójú kan. Wọ́n ní ọkọ̀, wọ́n ní ẹ̀rọ gbohùngbohùn tí wọ́n so mọ́ orí ọkọ̀. Bí wọ́n bá dé ìlú, wọn yóò kọ́kọ́ yí ìlú ká láti kéde eré. Alẹ́ ni wọn yóò ṣeré náà ní gbọ̀ngàn ìlú, ní ilé-ẹ̀kọ́ tàbí ní òtẹ́ẹ̀lì. Kò sí ìwé tí òṣèré ń há sórí. Ọ̀gá yóò sọ ìtàn, yóò pín ipò fún kálukú, òṣèré ni yóò sì wá ọ̀rọ̀ tí yóò sọ. Bí àwọn òǹwòran bá rẹ́rìn-ín, a ó fa ọ̀rọ̀ náà gùn. Bí wọ́n bá dákẹ́, a ó tètè gba ibòmíràn lọ. Ẹni tó bá lo ọdún márùn-ún nínú irú iṣẹ́ yìí, kò sí irú èrò tí yóò dójú tì í.

Ní 1971, Adé Love kúrò lọ́dọ̀ ọ̀gá rẹ̀, ó sì dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Eré apanilẹ́rìn-ín ni ẹgbẹ́ náà ń ṣe, bí irú èyí tó ti kọ́. Ẹ jẹ́ ká má fojú kékeré wo ìpinnu yìí. Bí ó bá jẹ́ ọmọ iṣẹ́ ni ọ, bí èrò ò bá wá wo eré, ọ̀gá ni gbèsè wà lọ́rùn rẹ̀. Bí o bá di ọ̀gá, ìwọ ni o ó tún ọkọ̀ ṣe, ìwọ ni o ó san owó gbọ̀ngàn, ìwọ ni o ó bọ́ gbogbo ọmọ ẹgbẹ́, yálà èrò wá tàbí wọn ò wá. Orúkọ ọ̀gá ni ẹgbẹ́ fi ń jẹun. Bí orúkọ bá tutù, ẹgbẹ́ tú ká nìyẹn.

Ọdún tí Àjàní Ògún dé

Títí di àárín àwọn ọdún 1970, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé fíìmù ilẹ̀ òkèèrè nìkan ló wà ní ilé sinimá wa. Ti Amẹ́ríkà wà níbẹ̀, ti Íńdíà wà níbẹ̀, ti àwọn ará Ṣáínà tó ń ta ẹ̀ṣẹ́ náà sì wà níbẹ̀. Àwọn èèyàn wa ń wo Íńdíà tó ń kọrin, wọn kò gbọ́ èdè rẹ̀, síbẹ̀ wọ́n mọ orin náà lórí. Kò sí fíìmù kan tí ìyá tó ń ta ẹ̀fọ́ lọ́jà lè wọlé lọ wò kó gbọ́ èdè ara rẹ̀.

Ọlá Balógun ló yí èyí padà. Wọ́n bí i ní Aba ní 1945, ó sì kọ́ iṣẹ́ fíìmù ní ìlú Paris. Ó ṣe Amadi ní èdè Ìgbò ní 1975. Lẹ́yìn rẹ̀ ló ṣe Àjàní Ògún ní èdè Yorùbá, fíìmù tó jáde ní 1976, èyí tí ọ̀pọ̀ onímọ̀ kà sí àkọ́kọ́ fíìmù gígùn ní èdè wa. Orin àti ijó kún inú rẹ̀ dáadáa. Ìtàn ọdẹ kan ni, ọ̀dọ́mọkùnrin tó kojú olówó oníjẹgúdújẹrá. Adé Love ni ó ṣe Àjàní. Dúró Ládiípọ̀ náà wà nínú fíìmù ọ̀hún.

Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ náà ṣe rí. Ọlá Balógun mọ kámẹ́rà, ṣùgbọ́n kì í ṣe inú ẹgbẹ́ alárìnjò ló ti jáde. Àwọn òṣèré mọ èrò, èrò sì mọ̀ wọ́n, ṣùgbọ́n wọn kò mọ kámẹ́rà. Ìkíní nílò ìkejì. Bí kò bá sí òṣèré tí ìlú ti mọ̀, tí wọ́n ti san owó wò rí, ta ni yóò gbà pé fíìmù Yorùbá tó owó tíkẹ́ẹ̀tì?

Iṣẹ́ tí òṣèré náà ní láti ṣe kò rọrùn. Lórí ìtàgé, ẹ̀rín èrò ló ń sọ fún ọ bóyá o ń ṣe dáadáa. Níwájú kámẹ́rà, kò sí ẹni tó ń rẹ́rìn-ín. O lè kọ́kọ́ ya ìparí ìtàn kí o tó ya ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. O lè sọ ọ̀rọ̀ kan náà lẹ́ẹ̀mẹrin nítorí pé òòrùn wọ̀ tàbí nítorí pé ọkọ̀ kọjá. Fíìmù gan-an wọ́n, nítorí náà àyè àfikún ọ̀rọ̀ tí ìtàgé fún ọ kò sí níbẹ̀. Adé Love wà lára àwọn tó kọ́kọ́ fi ara wọn dán èyí wò ní èdè Yorùbá, kó tó di pé Ògúndé fúnra rẹ̀ gbé Ayé jáde ní ìparí àwọn ọdún 1970 náà.

Ó di olóòtú

Ohun tó mú mi bọ̀wọ̀ fún Adé Love jù lọ ni ohun tó ṣe lẹ́yìn Àjàní Ògún. Ó lè padà sórí ìtàgé kó máa fi òkìkí fíìmù náà jẹun. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ìjà Òmìnira ló tẹ̀ lé e, Ọlá Balógun ló tún darí rẹ̀, ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí Adé Love ni olóòtú. Dúró Ládiípọ̀ tún kópa nínú rẹ̀, kó tó di pé ó kú ní oṣù kẹta ọdún 1978.

Àwa tí a ń kọ́ Yorùbá ní yunifásítì ló yẹ kí orúkọ fíìmù yìí dùn mọ́ jù. Inú ìwé ìtàn àròsọ Adébáyọ̀ Fálétí, Ọmọ Olókùn Ẹṣin, ni wọ́n ti mú un, ìwé tí ọ̀pọ̀ nínú wa kà ní ilé-ẹ̀kọ́ girama. Ìtàn Àjàyí ni, àti bí àwọn ará Òkè Ògùn ṣe kọ̀ láti máa sìn lábẹ́ Olúmokò. Kí ẹnikẹ́ni tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìwé Yorùbá ṣe fíìmù bí a ṣe mọ̀ ọ́n lónìí, ọmọ Àgbámù kan ti náwó rẹ̀ lé e lórí. Òṣèré apanilẹ́rìn-ín ni o, ṣùgbọ́n ìtàn ìjàgbara ló yàn.

Lẹ́yìn náà ni Kádàrá dé ní nǹkan bí ọdún 1980. Òun ni fíìmù àkọ́kọ́ tí Adé Love kọ ìtàn rẹ̀, tó ṣe olóòtú rẹ̀, tó sì tún ṣe olú ẹ̀dá ìtàn. Wọ́n gbé e lọ sí àjọ̀dún fíìmù ilẹ̀ Áfíríkà àti Éṣíà ní ìlú Tashkent, ní Soviet Union ayé ìgbà náà. Láàrin bíi ọdún mẹ́rìnlá, ẹni tó wọ ẹgbẹ́ Bàbá Sàlá bí ọmọ iṣẹ́ ti di ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ ń dé ibi tí kò sí ẹni tó gbọ́ Yorùbá.

Kí ni olóòtú ń ṣe nígbà náà? Gbogbo nǹkan ni. Fíìmù, kámẹ́rà àti àwọn tó mọ̀ ọ́n lò, owó ni. Bí wọ́n bá ya eré tán, òkè òkun ni wọ́n sábà máa ń fi fíìmù ránṣẹ́ sí kí wọ́n tó lè fọ̀ ọ́ kí wọ́n sì tẹ ẹ̀dà rẹ̀. Nígbà tí ẹ̀dà bá dé, kò sí ilé iṣẹ́ tí yóò gbà á lọ́wọ́ rẹ láti pín in káàkiri. Olóòtú fúnra rẹ̀ ni yóò kó àwọn agolo fíìmù sínú ọkọ̀, tí yóò máa gbé e láti ìlú dé ìlú bí ẹgbẹ́ alárìnjò ṣe ń gbé ẹrù ìtàgé. Níbi tí kò bá sí ilé sinimá, wọn yóò ta aṣọ funfun sínú gbọ̀ngàn, wọn yóò tan jẹnẹrétọ̀. Ẹni tirẹ̀ ni yóò dúró lẹ́nu ọ̀nà láti gba owó. Bí a bá wò ó dáadáa, Adé Love kò fi iṣẹ́ alárìnjò sílẹ̀ rárá. Ẹrù tó wà nínú ọkọ̀ ló yí padà.

Ní àwọn ọdún 1980, iṣẹ́ rẹ̀ ń tẹ̀ lé ara wọn: Ìjà Orogún, Taxi Driver, Ìyá Ni Wúrà. Ẹ gbọ́ àwọn orúkọ wọ̀nyẹn. Wàhálà ilé olórogún, ayé awakọ̀ ní ìgboro, ìfẹ́ ìyá. Nígbà tí Ògúndé ń fi àjẹ́ àti òògùn kún sinimá, ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ilé àti lójú títì ni Adé Love fi pe àwọn fíìmù tirẹ̀. Túndé Kèlání, tó di ọ̀gá nínú iṣẹ́ náà lónìí, wà lára àwọn tó ṣiṣẹ́ lórí Taxi Driver àti Ìyá Ni Wúrà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má gbàgbé orúkọ yẹn, mo ń padà bọ̀ sórí rẹ̀.

Mo mọ̀ pé àwọn onímọ̀ kan kò ka fíìmù ìgbà náà sí tó bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní tíátà tí wọ́n kàn ya ni: kámẹ́rà dúró sójú kan bí òǹwòran tó jókòó, òṣèré ń pariwo bí ẹni pé èrò wà lẹ́yìn gbọ̀ngàn, orin ń dá ìtàn dúró. Òótọ́ wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ibi tí òṣèré ti wá ló fi hàn. Àwọn tó sanwó láti wò wọ́n kò wá wo bí kámẹ́rà ṣe ń rìn, wọ́n wá wo òṣèré tí wọ́n fẹ́ràn. Bí kì í bá ṣe owó tí wọ́n san yìí, kò sí fíìmù Yorùbá tí ẹnikẹ́ni yóò wá máa yẹ̀ wò lónìí.

Ọ̀gá àti ọmọ iṣẹ́

Ní 1982, Bàbá Sàlá náà gbé fíìmù tirẹ̀ jáde, Ọ̀run Móoru, Ọlá Balógun ló darí rẹ̀. Gbogbo wa la mọ bí ó ṣe parí. Àwọn olè jí i, wọ́n ṣe é sínú kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á káàkiri, gbèsè sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ẹni tó ṣe é. Fíìmù tí ẹnì kan fi gbogbo ohun tó ní ṣe di ohun tí ẹlòmíràn ń jẹ èrè rẹ̀.

Bàbá Sàlá kò jáwọ́. Ní 1985 ó tún ṣe Mosebọ́látán, ẹni tó sì darí rẹ̀ ni Adé Love. Ọmọ iṣẹ́ tó wọlé ní 1966, tó kúrò ní 1971, ló padà wá dúró lẹ́yìn kámẹ́rà tó ń sọ fún ọ̀gá rẹ̀ ibi tí yóò dúró. A mọ iye ẹgbẹ́ tíátà tí ọ̀gá àti ọmọ iṣẹ́ ti di ọ̀tá ara wọn. Ti àwọn méjèèjì yìí kò rí bẹ́ẹ̀, ọgbọ́n tí ọ̀gá fún ọmọ ni ọmọ fi sìn ín padà.

Bí owó ṣe yí padà

Ohun tó dá sinimá Yorùbá ìgbà náà dúró kì í ṣe àìlóye àwọn òṣèré. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1986, ìjọba ológun yí bí a ṣe ń ṣẹ́ owó ilẹ̀ òkèèrè padà. Náírà tó ti súnmọ́ dọ́là kan tẹ́lẹ̀ já wálẹ̀, nígbà tó fi di 1987 nǹkan bíi náírà 4 ni a fi ń ra dọ́là kan. Ẹni tó ń ra fíìmù lókè òkun, tó tún ń sanwó fífọ̀ rẹ̀ lókè òkun, àmọ́ tó jẹ́ pé náírà ló ń gbà lẹ́nu ọ̀nà gbọ̀ngàn, kí ni yóò ṣe? Àwọn kan bẹ̀rẹ̀ sí í ya eré sínú fídíò ní ìparí àwọn ọdún 1980. Kò ní ìmọ́lẹ̀ tó dára bíi ti fíìmù, ṣùgbọ́n kò ná wọn tó ti fíìmù, ilé ni àwọn èèyàn sì ti ń wò ó. Alẹ́ wá di ohun tí ẹ̀rù ń bani láti jáde, ilé sinimá ń di ilé ìjọsìn àti ilé ìkẹ́rùsí.

Adé Love ṣì ṣe Orí Olórí ní 1989, nígbà tí ọ̀pọ̀ ti sá fún fíìmù. Ó kú ní 1996, ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gọ́ta. Kò rí i nígbà tí ilé sinimá tún padà ṣí, kò sì rí i nígbà tí fíìmù Yorùbá ń wọlé àwọn èèyàn káàkiri ayé nípasẹ̀ íńtánẹ́ẹ̀tì.

Ní 1999, ọdún mẹ́ta lẹ́yìn ikú rẹ̀, Túndé Kèlání gbé Ṣaworoidẹ jáde. Kúnlé Afọláyan, ọmọ Adé Love, tí iṣẹ́ báńkì ni ó ń ṣe nígbà náà, ló ṣe Arẹ́sẹ̀jábàtà nínú rẹ̀. Adébáyọ̀ Fálétí ló ṣe Bàbá Ọ̀pálábà. Ẹ rò ó wò: ẹni tó ti bá bàbá ṣiṣẹ́ fíìmù ló fún ọmọ ní ipò, òǹkọ̀wé tí bàbá fi ìwé rẹ̀ ṣe fíìmù sì wà nínú eré kan náà pẹ̀lú ọmọ. Láti ibẹ̀ ni Kúnlé ti lọ kọ́ṣẹ́ ní New York, tó sì wá ṣe The Figurine ní 2009 àti Aníkúlápó ní 2022. Gabriel, Mojí àti Àrẹ̀mú náà ń ṣe iṣẹ́ bàbá wọn.

Ohun tó kù fún wa

Àwọn ọmọ rẹ̀ ti ṣe tiwọn. Àwa ńkọ́? Lọ́dọọdún ni àwa akẹ́kọ̀ọ́ ń kọ iṣẹ́ àṣekágbá lórí fíìmù Yorùbá, ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀ ló sì dá lórí fídíò tí a lè rí lórí YouTube. Èyí tí kò sí níbẹ̀, a máa ń ṣe bí ẹni pé kò sí rí. Bẹ́ẹ̀ ohun tí wọ́n fi ń ya eré ìgbà náà kì í tọ́jọ́ nínú ooru àti ọ̀rinrin bíi tiwa. Ó máa ń ká kò, ó máa ń súnkì, yóò sì máa rùn bí ọtí kíkan kó tó di pé àwòrán ojú rẹ̀ parẹ́. Ẹ̀dà tí wọ́n tẹ̀ kò pọ̀, ọwọ́ ẹni tó ṣe é ni ó sì sábà máa ń wà. Fíìmù tó bà jẹ́ kò ṣeé tún yà, nítorí àwọn tó wà nínú rẹ̀ ti lọ.

Èyí tí apá wa ká ni ohun tó wà lórí àwọn àgbà. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ogún ọdún nígbà tí Àjàní Ògún jáde ti di ẹni àádọ́rin ọdún lónìí. Nínú ìlú Ìlọrin yìí, ní Ọ̀fà, ní Òmù-Àrán àti ní Àgbámù gan-an, àwọn kan wà tí wọ́n wo Adé Love lójúkojú, tí wọ́n sanwó lẹ́nu ọ̀nà, tí wọ́n mọ orin inú fíìmù náà lórí. A ní fóònù tó ń gba ohùn sílẹ̀. A ní ẹ̀ka tó kọ́ wa bí a ṣe ń gba ìtàn ẹnu sílẹ̀ tí a sì ń kọ ọ́ pẹ̀lú àmì ohùn.

Nítorí náà, ẹ̀yin tí ẹ ṣì ń wá orí ọ̀rọ̀ fún iṣẹ́ àṣekágbá, ọ̀kan rèé. Ẹ̀yin tí ẹ ti jáde, bí ìwé ìpolówó eré rẹ̀, fọ́tò tàbí kásẹ́ẹ̀tì bá wà nínú àpótí bàbá tàbí ìyá yín, ẹ má sun ún bí ẹ bá ń palẹ̀ ilé mọ́. Ẹ ya fọ́tò rẹ̀, ẹ kọ ibi tí ẹ ti rí i àti orúkọ ìlú tí wọ́n ti ṣe eré náà, kí ẹ sì fi ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn yìí. Bí ẹnì márùn-ún péré bá ṣe é kí ọdún yìí tó parí, ohun tí a ní lọ́wọ́ lórí Adé Love yóò ti ju ohun tí mo rí kọ síbí yìí lọ.